Àdúgbò ní kí n wá máa gbowó iná, èmi tí iná sọ di onígbèsè

Eléja Gáà-Àkànbí:
Ẹ kúulé o. Ìlọrin níbí ni mo wà. Ẹja inú yìnyín ni mo ń tà kí n tó bímọ. Oyún mi ti wọ oṣù kẹjọ nígbà tí tíráńsífọ́mà àdúgbò wa jó. Páálí títù 2 àti kòtè 3 ló wà nínú fírísà mi. Mo bu epo sí jẹnẹrétọ̀ lọ́jọ́ kìíní, mo tún bu ú lọ́jọ́ kejì. Nígbà tó di ọjọ́ kẹta, owó epo ti ń lé owó ẹja bá, mo bá pa á. Òórùn ló tú mi fó fún ará ilé. Ẹ̀yìnkùlé ni ọkọ mi gbẹ́lẹ̀ kó o sí. Títí dòní n kì í fẹ́ gba ibẹ̀ kọjá.

Ọmọ ti dé, a dúpẹ́, ó gba abẹ́rẹ́ ọ̀sẹ̀ 14 lánàá. Iná ò tíì dé ní tirẹ̀. Wọ́n ti wá ń dáwó tíráńsífọ́mà tuntun, ẹgbẹ́ obìnrin àdúgbò sì ní èmi ni kí n ṣe akápò, torí mo mọ̀wé, mo sì ń jókòó sílé. Bẹ́ẹ̀, Alhaja kan nínú ẹgbẹ́ náà ló yá mi lówó páálí 2 nínú ẹja yẹn. Kò bi mí rí. "Ìyá ọmọ, ṣé ó ń jẹ́ kó o sùn?" ló máa ń wí, ó sì ń ta mí lára ju èébú lọ. Ṣé kí n gbà á?

Ìyá Ìbejì Ọ̀fà:
Ọmọ mi, kú ewu ọmọ. Ẹ̀ẹ̀kan ni màá bá ọ wí: ẹja tí iná bá lọ lórí rẹ̀, ààrò ló kàn. Kó tó rọ̀ jù, wẹ̀ ẹ́, fi iyọ̀ pa á lára, yan án. Páálí kan ṣoṣo ni mo fi padà sọ́jà lẹ́yìn àwọn ìbejì mi, yíyan ni gbogbo rẹ̀. Ọmọ ò gbọdọ̀ sí nídìí èéfín o! Ní ti akápò, lọ rí Alhaja kó o tó fọwọ́ kan kọ́bọ̀ ẹnikẹ́ni.

Alájọ Ìpàtà:
Má gbà á. Ọjọ́ tó o bá wọ bàtà tuntun, wọn á ní owó iná ni. Bó bá wá di dandan, kówó má sùn nílé rẹ: báńkì ni, kí ẹni 2 máa fọwọ́ sí i kó tó jáde.

Nọ́ọ̀sì Òmù-Àrán:
Ẹ jọ̀ọ́, oṣù 6 ni ọyàn nìkan, kí ìyá àgbà má fún un lómi. Tí ẹ bá máa fi ọmọ sílé lọ gbowó, ẹ fún ọyàn sínú ife tó mọ́, tó ní ìdérí. Kì í ju wákàtí 4 lọ níta. Nínú ooru Ìlọrin, èmi ò ní jẹ́ kó pé bẹ́ẹ̀. Ẹ̀yin fúnra yín ńkọ́? Tí ẹkún bá kàn ń gbọ̀n yín láìnídìí, ẹ sọ ọ́ ní ibùdó ìlera.

Eléja Gáà-Àkànbí:
Nọ́ọ̀sì, ẹkún yẹn wà o. Màá sọ ọ́.

Bàbá Alájọ, ọ̀rọ̀ bàtà yẹn pa mí lẹ́rìn-ín, òótọ́ kúkú ni.

Mo pọn ọmọ lọ sọ́dọ̀ Alhaja lálẹ́ àná. Gbogbo ohun tí mo tò sẹ́nu, kò jẹ́ kí n kà á tán. Ó ní òun gan-an lòun dárúkọ mi, kí n lè máa rí ìdí jáde nílé. A fi gbèsè sí ₦5,000 lóṣù. Mo ti gbà, ṣùgbọ́n mo ní kóun náà máa fọwọ́ síwèé báńkì pẹ̀lú mi.

Ìyá Ìbejì, ẹ jọ̀ọ́ mà: kòtè ni kí n fi bẹ̀rẹ̀ yíyan ni àbí ṣáwà?