Wò ni, kì í ṣe rí: orúkọ fún ẹ̀kọ́ àwọn ará Òkè Kùrukùru

Fún ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bá wa dá sí i: ìtàn àròsọ ni mò ń kọ, ayé tí kò sí níbì kankan ló sì ti ṣẹlẹ̀. Àwọn ará Òkè Kùrukùru inú ìtàn náà gbà pé ohun tí ojú kankan kò sí lára rẹ̀ kì í pẹ́ túká. Wọ́n ní afárá kan tó so òkè wọn mọ́ òmíràn. Lálaalẹ́ ni èèyàn méjì máa ń jókòó tì í, tí wọ́n á máa wò ó títí ilẹ̀ á fi mọ́. Bí ọ̀kan bá ṣẹ́jú, èkejì kò gbọdọ̀ ṣẹ́jú. Ní orí kẹta, ọmọkùnrin kan tòògbé, ẹnì kejì rẹ̀ sì yíjú láti jí i. Kò pẹ́ tó kéèyàn mí lẹ́ẹ̀kan. Nígbà tí wọ́n máa fi dá ojú padà sórí afárá, pákó kan ti di àwátì láàárín rẹ̀. Kò kán, kò já bọ́, ihò ìṣó pàápàá kò sí níbẹ̀ mọ́. Ẹ̀kọ́ yìí ni mo ń wá orúkọ fún.

Ẹ̀gbọ́n kan mú “ìrídá” wá, pé ohun tí a rí ni a dá. Àbúrò kan ní ká kúkú lo “ìwòye” tó ti wà ńlẹ̀, pé kí la fẹ́ máa rọ ọ̀rọ̀ tuntun sí nígbà tí ti àtijọ́ kò tíì gbó. Ti ẹ̀gbọ́n ni mo kọ́kọ́ gbà. Ìgbà tí mo jókòó ti orí kẹta yẹn láti tún un kọ ni mo tó mọ̀ pé kò lè ṣiṣẹ́.

Wò àti rí kì í ṣe ọmọ ìyá kan náà. Wò ni iṣẹ́, rí ni èrè rẹ̀. “Mo wò ó títí, n kò rí nǹkan kan”: kò sẹ́ni tó máa ní ẹni tó sọ bẹ́ẹ̀ ń ta ko ara rẹ̀. Ẹ wá yí i padà: “Mo rí i, àmọ́ kò sí níbẹ̀.” Olùgbọ́ á ní onítọ̀hún ṣì í rí ni, tàbí kó ní irọ́ ló ń pa. Rí ti gbà tẹ́lẹ̀ pé nǹkan náà wà kí ojú tó débẹ̀. Báwo ni irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ ṣe máa jẹ́ orúkọ ẹ̀kọ́ tó ní ojú gan-an ni kò jẹ́ kó pòórá?

Ẹ̀gbọ́n ti dáhùn pé rí kan náà la fi ń sọ bí nǹkan ṣe jẹ́: “Báwo ló ṣe rí?”, “Ó rí roboto”, “Bẹ́ẹ̀ ló rí.” Wọ́n ní ojú àti wíwà ti jọ ń gbé inú ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo látọjọ́ tó ti pẹ́. Àlàyé yìí dùn, kò sì jẹ́ kí n kọ nǹkan kan fún ọjọ́ méjì. Àmọ́ ẹ tún un gbọ́. Nígbà tí a bá ní “bẹ́ẹ̀ ló rí”, a ò mẹ́nu kan ẹni tó ń wò ó. Ẹ wò ó o, ẹ kò wò ó o, bẹ́ẹ̀ ló rí. Ọ̀rọ̀ àwọn alátakò nìyẹn! Àwọn ará àfonífojì wà nínú ìtàn mi tó ń fi àwọn olùṣọ́ afárá ṣe yẹ̀yẹ́, tí wọ́n ní igi kì í tọrọ ojú kó tó hù. N kò tíì rí orúkọ fún wọn tẹ́lẹ̀. Ó ti dé báyìí: àwọn Ó-rí-bẹ́ẹ̀. Ẹ ṣeun, ẹ̀gbọ́n.

Ní ti “ìwòye”, òye tó wà nídìí rẹ̀ ni kò bá mi lára mu. Ẹni tó ń wòye ń wá ìtumọ̀. Ọmọ tó ń ṣọ́ afárá kò wá ìtumọ̀ kankan, kí ìpéǹpéjú rẹ̀ má ṣáà ti pàdé ló ń bá yí.

Ẹnì kan tún ní wò á yọ afọ́jú sílẹ̀. Ẹ jẹ́ ká yẹ̀ ẹ́ wò: a ń tọ́ nǹkan wò, a ń gbé e wò, a ń fọwọ́ kàn án wò, a ń wọ̀ ọ́ wò, a tiẹ̀ ń rò ó wò. Èwo ló kan ojú níbẹ̀? Wò ti kúrò lábẹ́ ojú tipẹ́. Ìyá afọ́jú kan wà ní orí keje tó jẹ́ pé òun ni wọ́n ń pè ní òru tí kùrukùru bá bo gbogbo nǹkan. Á fi orí ìka tẹ okùn afárá ní kókó dé kókó, á máa sọ lábẹ́lẹ̀ pé: “Ó wà. Ó wà. Ó wà.” Ẹnu ìyá yìí ni “mọ̀” ti fún mi ní wàhálà. Barry Hallen àti J. Olubi Sodipo, àwọn onímọ̀ ìjìnlẹ̀ èrò méjì, nínú ìwé tí wọ́n gbé jáde ní 1986 lẹ́yìn tí wọ́n ti bá àwọn oníṣègùn Yorùbá jíròrò, ṣàlàyé pé ohun téèyàn fojú ara rẹ̀ rí ló ń sọ pé òun mọ̀. Èyí tó gbọ́ lẹ́nu ẹlòmíì, ó gbà á gbọ́ ni. Ìyá yìí kò fojú rí i, kò sì gbọ́ ọ lẹ́nu ẹnikẹ́ni. “Mo mọ̀” ni mo kọ sí i lẹ́nu, n kò sì ní yí i padà.

Ó ku apá kejì orúkọ náà. “Dá” kò bá a mu, torí àwọn baba ńlá wọn ló fi pákó àti ìṣó kan afárá yẹn. Wíwò kàn ń mú un dúró ni. George Berkeley, ọmọ Ireland tó di bíṣọ́ọ̀bù, ti kọ ọ́ ní 1710 pé kí nǹkan wà kò ju pé kí ọkàn kan máa kíyè sí i lọ. Ṣùgbọ́n Ọlọ́run ló ń wo gbogbo rẹ̀ nínú tirẹ̀, Ọlọ́run kì í sì í tòògbé. Èèyàn ẹlẹ́ran ara ló ń wo tèmi. Mo wá rọ “ìwògbéró”. Ó péye, àmọ́ ó wúwo lẹ́nu bí orúkọ ìgbìmọ̀. Ẹ rántí “ẹ̀rọ ayára-bí-àṣá”: a ń kọ ọ́ sínú ìwé, kọ̀ǹpútà la sì ń pè é. Asọ̀rọ̀mágbèsì rọ̀ mọ́ wa lẹ́nu ju bẹ́ẹ̀ lọ, bóyá torí pé àwàdà wà nínú rẹ̀.

Èyí tí mo dúró lé báyìí, ẹnu ara mi ló ti já bọ́. Mo ní kí ẹnì kan bá mi wo àpò mi dè mí, mo sì dúró sójú kan. Wò ó dè mí! Wò tí a fi ń wo ọmọ, tí a fi ń wo aláìsàn, nìyẹn. Dè tó tẹ̀ lé e sì ń sọ pé ohun tí ò ń wò kì í ṣe tìẹ, ẹni tó ni ín ń bọ̀. Ohun tí wọ́n sì gbà lókè náà nìyẹn: Ẹni tó kọ́kọ́ wo òkè yẹn ti yíjú síbòmíì, àwọn kàn ń bá a wò ó dè é ni. Ìwòdè. Dè ti okùn tún fara pa mọ́ síbẹ̀, torí náà àwọn Ó-rí-bẹ́ẹ̀ lè máa bú wọn pé: “Ẹ kò ṣọ́ afárá kankan, ẹ kàn dè é mọ́lẹ̀ ni.”

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má yọ àmì ohùn. Òwe wọn lókè ni pé “Ohun tí a kò wò, á wó.” Ẹ kọ ọ́ láìsí àmì, kí ẹ wá sọ ohun tó ṣe pákó fún mi. Àmì yìí kan náà ló pa “ìṣìrí” tí ẹnì kan dá lábàá fún ìgbà tí ojú bá tanni: bí ọwọ́ bá yẹ̀ díẹ̀, ó di ìṣírí, ó kù díẹ̀ kó di àṣírí.

Ibi tó ti há mi lọ́rùn gan-an ni orí kẹjọ. Olùṣọ́ méjì ka pákó afárá náà lóru ọjọ́ kan. Ọ̀kan ní mọ́kànlélógún, èkejì ní méjìlélógún, kò sì sẹ́ni tó ṣẹ́jú nínú wọn. Kí la ó pe ìyẹn?