Ìdí tòmátì tó ń dúdú: ó ti yanjú

Ẹ ṣeun, ẹ̀yin ará. Ohun tí mo bèèrè ni ohun tó ń mú kí ìsàlẹ̀ èso tòmátì tí mo gbìn sínú àpò dúdú, kó sì le bí awọ. Kì í ṣe kòkòrò, kì í sì í ràn. Omi tí kò ṣe déédéé ló fà á: bí ilẹ̀ bá gbẹ táútáú lónìí, tó kún fọ́fọ́ lọ́la, kálísíọ̀mù, èròjà inú ilẹ̀ tí èso nílò, kì í dé ìdí èso.

Ẹ ti ìka bọ ilẹ̀ láràárọ̀. Bó bá gbẹ dé oríkèé kejì, ẹ bomi rin ín. Ẹ fi koríko gbígbẹ bo ilẹ̀, kó má ṣe kan igi tòmátì. Ẹ dín ajílẹ̀ yúríà kù. Èèpo ẹyin lílọ̀ máa ń pẹ́ kó tó ṣiṣẹ́, ìgbà gbígbìn ni kí ẹ pò ó mọ́ ilẹ̀. Èyí tó ti dúdú kò ní sàn mọ́, ẹ já a dànù.