Ṣé ọmọ tó ń fọn klarinẹ́ẹ̀tì lè fi jáàsì àti klásíkà ṣiṣẹ́ jẹun pọ̀?

Akọ́ni_Adó béèrè:

Ẹ̀yin àgbà, ẹ kú iṣẹ́ o. Ọmọ ọdún mẹ́tàdínlógún kan wà nínú báǹdì ìjọ ní Adó-Èkìtì, klarinẹ́ẹ̀tì B♭ onírọ́bà ló ń fọn. Ó mọ sọ́lfà bí ẹní mowó, àmọ́ ìlà márùn-ún, ìyẹn kíka orin tí wọ́n kọ sórí ìlà, ṣì ń dà á láàmú. Ohun tó wù ú ni pé kó fi jáàsì àti orin klásíkà ṣiṣẹ́, méjèèjì pọ̀. Àwọn kan ní kó mú ọ̀kan, torí ètè tí wọ́n fi ń fọn Mozart kò lè fọn jáàsì. Ṣé bẹ́ẹ̀ ni? Ta ló ti ṣe é rí? Kí ni kó kọ́kọ́ kọ́? Àwọn òbí rẹ̀ tún fẹ́ ra klarinẹ́ẹ̀tì onígi fún un kí ọyẹ́ tó dé. Ẹ gbà wá nímọ̀ràn.

Ìlà Márùn-ún fèsì:

Wọ́n ti ṣe é tipẹ́. Benny Goodman, tí wọ́n bí ní Chicago lọ́dún 1909, ni kí ọmọ náà kọ́kọ́ gbọ́. Ní 16 January 1938 ló kó báǹdì jáàsì rẹ̀ wọ Carnegie Hall, gbọ̀ngàn orin ńlá ní New York. Ní April ọdún yẹn kan náà, òun àti Budapest String Quartet, ẹgbẹ́ olókùn mẹ́rin, gba Quintet Mozart, K. 581, orin klásíkà fún klarinẹ́ẹ̀tì àti olókùn mẹ́rin, sínú àwo. Owó tirẹ̀ ló tún fi gbé iṣẹ́ fún àwọn olùkọ̀wé orin klásíkà bíi Bartók, Hindemith àti Copland kí wọ́n kọ orin tuntun fún klarinẹ́ẹ̀tì. Concerto (orin fún ẹnì kan pẹ̀lú ẹgbẹ́ akọrin ńlá) tí Copland kọ fún un, òun fúnra rẹ̀ ló kọ́kọ́ fọn ọ́n lórí rédíò NBC ní November 1950. Orin yẹn gan-an dáhùn ìbéèrè yín: ó bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lẹ́ pẹ̀lú ohun èlò olókùn àti háàpù, onífèrè á wá dá nìkan fọn cadenza, ìyẹn apá tí kò sí ẹlòmíì tó bá a lù ú, láti ibẹ̀ ni jáàsì á sì ti wọlé. Gbogbo nóòtì rẹ̀ ló wà lórí ìwé. Ẹni tí kò lè kàwé orin kò lè dé ibẹ̀; ẹni tí kò gbọ́ jáàsì rí náà á fọn ìparí rẹ̀ bí igi gbígbẹ.

Ẹ wo èyí dáadáa. Goodman ti kọ́ klásíkà ní kékeré lọ́wọ́ Franz Schoepp, síbẹ̀ ní 1949, nígbà tó ti di ẹni ogójì ọdún tí gbogbo ayé mọ̀, ó lọ jókòó níwájú Reginald Kell, onífèrè klásíkà, ó tún bí ó ṣe ń gbé ètè àti ìka kọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀. Tẹ́lẹ̀, eyín òkè ló fi ń tẹ mouthpiece (ẹnu fèrè). Lẹ́yìn náà ló wá ń fi ètè méjèèjì bo eyín. Àtúnkọ́ bẹ́ẹ̀ kì í ṣe kékeré fún àgbàlagbà, ìdí nìyẹn tí mo fi ń sọ pé kí ọmọ yìí rí olùkọ́ klásíkà báyìí, kí àṣà burúkú tó jókòó sí i lẹ́nu.

Ọ̀nà Eddie Daniels yàtọ̀. Juilliard, ilé-ẹ̀kọ́ orin ní New York, ni onífèrè yìí ti gboyè klarinẹ́ẹ̀tì, àmọ́ tenor saxophone ló fi wọ báǹdì Thad Jones àti Mel Lewis ní 1966. Ẹ̀yìn ìgbà náà ló padà gbájú mọ́ klarinẹ́ẹ̀tì, tí orin méjèèjì sì jọ ń jáde lọ́wọ́ rẹ̀. Bí ẹnikẹ́ni bá ní ọ̀rọ̀ òyìnbó nìkan ni, ẹ rán an létí Fela Sowande, ọmọ Nàìjíríà: ó ń fi jáàsì jẹun ní London ní ẹ̀wádún 1930, ó sì gba FRCO, oyè ńlá fún àwọn tó ń lu dùùrù ìjọ, ní 1943.

Sọ́lfà_Ìjerò fèsì:

Ẹ̀gbọ́n, mo fara mọ́ ọ̀rọ̀ olùkọ́ yẹn. Àmọ́ ẹ má jẹ́ kí ọmọ náà ju sọ́lfà nù nítorí ìlà márùn-ún. Ẹni tó bá lè fi ẹnu kọ dò-mi-sọ̀ kọ́ọ̀dù (àwọn ohùn tó ń dún pọ̀) kan kó tó gbé fèrè sẹ́nu ti ṣe apá tó le jù nínú jáàsì. Kó mú orin ìjọ kan tó mọ̀ tọkàntọkàn, kó kọ ọ́ ní sọ́lfà, kó wá fọn ọ́n ní kíì (ohùn tí dò orin dúró lé) méjèèjìlá. Lẹ́yìn ìyẹn, blues, orin báà méjìlá tí jáàsì dúró lé, ní kíì B♭, tó jẹ́ C lásán lórí klarinẹ́ẹ̀tì: báà mẹ́rin lórí dò, méjì lórí fà, méjì lórí dò, ọ̀kan lórí sọ̀, ọ̀kan lórí fà, méjì lórí dò. Kó máa yí i po títí yóò fi mọ ibi tó wà láìka á.

Ibi tí ọ̀pọ̀ onífèrè ìjọ ti ń dákẹ́ nìyí. Klarinẹ́ẹ̀tì B♭ ń dún ní odindi ohùn kan sísàlẹ̀ ohun tó wà lórí ìwé. Bí kíbọ́ọ̀dù bá wà ní F, òun á wà ní G. E♭ á di F. A á di B, sharp márùn-ún. E tí àwọn onígìtá fẹ́ràn á di F♯, sharp mẹ́fà! Wọ́n á ní fèrè ló bàjẹ́. Kó kọ́ F♯ yẹn díẹ̀díẹ̀ lójoojúmọ́, nítorí akọrin kò ní yí kíì padà torí tirẹ̀.

Ní ti ètè tí wọ́n ń bẹ̀rù: ètè kan náà ni. Ohun tó ń yí padà ni àgbọ̀n, ahọ́n àti ríìdì (pẹlẹbẹ esùsú tó ń gbọ̀n lẹ́nu fèrè). Nínú jáàsì, àgbọ̀n ìsàlẹ̀ máa ń dẹ̀ díẹ̀ kí ohùn lè yọ̀, kó sì gbọ̀n ní ìparí nóòtì gígùn. Ọ̀pọ̀ onífèrè klásíkà kì í gbọ̀n ohùn rárá. Nínú swing, ìgbésẹ̀ ìlù jáàsì, ahọ́n máa ń kan nóòtì tó bọ́ sáàárín ìlù, á sì so ó mọ́ èyí tó bọ́ sórí ìlù. Bí ó bá fi ahọ́n kan gbogbo rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan bíi ti orin klásíkà Weber, swing kú nìyẹn. Kó má fọn méjèèjì lẹ́ẹ̀kan náà láìsinmi. Klásíkà láàárọ̀ nígbà tí ètè ṣì yá, jáàsì nírọ̀lẹ́.

Ohun kan ṣì wà tó ń fa ìṣòro ní ìhà méjèèjì: ìrékọjá láti A àárín, tí ìka kan ṣoṣo ń ṣí, sí B, tí gbogbo ihò ń dí. Afẹ́fẹ́ máa ń jò lábẹ́ ìka òrùka ọwọ́ ọ̀tún, fèrè á sì ké. Kó gbé ìka ọwọ́ ọ̀tún sílẹ̀ lórí ihò wọn láti ìgbà tó bá ti wà lórí A. Ohùn A kò ní bàjẹ́, ó tilẹ̀ máa ń kún sí i. Kó fi metronome (ẹ̀rọ tó ń ka ìlù) sí 60, A–B, A–C, A–D, ìṣẹ́jú márùn-ún lójúmọ́. Bí ó bá ti sàsófóònù wá, ẹ sọ fún un pé kọ́kọ́rọ́ ẹ̀yìn kì í gbé klarinẹ́ẹ̀tì lọ sí octave (láti dò sí dò òkè) bíi ti sàsófóònù: C ìsàlẹ̀ á fò lọ sí G.

Igi Dúdú fèsì:

Ẹ má tíì ra onígi. Ẹ fi onírọ́bà yẹn la ọyẹ́ kọjá, kí ẹ náwó sórí mouthpiece àti ríìdì, ohùn rẹ̀ á yàtọ̀ ju igi lọ.

Ìdí rẹ̀ nìyí. Láti December sí February, afẹ́fẹ́ gbẹ, òwúrọ̀ sì máa ń tutù, pàápàá lórí òkè bíi Ẹ̀fọ̀n. Èémí tó gbóná tó sì ní ọ̀rinrin á mú inú igi wú, nígbà tí ẹ̀yìn rẹ̀ ṣì tutù tó sì gbẹ. Igi tuntun ni kì í gba irú ìyẹn. Apá òkè ló máa ń là, lọ́pọ̀ ìgbà nítòsí ihò àwọn kọ́kọ́rọ́ trill, tí wọ́n fi ń yára yí nóòtì méjì. Bí wọ́n bá ti rà á ná: ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún sí ogún lójúmọ́ fún ọ̀sẹ̀ méjì àkọ́kọ́, kó má ju bẹ́ẹ̀ lọ. Kó fi apá òkè sábẹ́ abíyá kó fi lọ́ wọ́rọ́wọ́rọ́ kó tó fọn. Kó má gbé e sí oòrùn, kó má fi í sílẹ̀ nínú mọ́tò. Kó fi aṣọ fa inú rẹ̀ gbẹ kó tó dì í. Kí ọ̀rinrin inú àpótí wà láàárín ìdá 45 sí 60 nínú ọgọ́rùn-ún. Àpò kékeré tó ń tọ́jú ọ̀rinrin ní 49 wà tí wọ́n ń tà. Bí òrùka irin orí ìsopọ̀ bá bẹ̀rẹ̀ sí í yí fúnra rẹ̀, igi ti súnkì nìyẹn. Kó dúró. Bí ó bá ti là, kó sàmì sí ibi tí ó dé, kó má fọn ọ́n mọ́, kó gbé e fún aṣàtúnṣe. Àdí àti Vaseline kò gbọ́dọ̀ kan án: àdí á mú páàdì lẹ̀, Vaseline á tú gúlù kọ́ọ̀kì.

Ríìdì: kó ní mẹ́rin tó ń yí, kó kọ nọ́ńbà sí ìdí wọn, kó máa fi wọ́n sínú àpótí tó pa dé. Lásìkò ọyẹ́, orí wọn máa ń wọ́ bí ìgbì, wọn ò ní sọ̀rọ̀. Omi fún ìṣẹ́jú kan sí méjì, lẹ́yìn náà kó tẹ̀ wọ́n pẹrẹsẹ lórí gíláàsì.

Ẹ̀yin tó ń ṣe ẹ̀rọ ohùn, ẹ má kó gbohùngbohùn sẹ́nu ìsàlẹ̀ fèrè! Ihò ni ọ̀pọ̀ nóòtì ti ń jáde. Tí ẹ bá kó o síbẹ̀, E ìsàlẹ̀ àti B àárín nìkan ni yóò máa pariwo, ìyókù á rì. Ẹ gbé e sí iwájú, ní ọ̀gangan àárín ọwọ́ méjèèjì, nǹkan bí ìdá kan nínú mẹ́ta mítà sí i.

Akọ́ni_Adó:

Ẹ ṣeun púpọ̀, ẹ̀gbọ́n mi. Ṣé mouthpiece méjì ni kó rà, ọ̀kan fún jáàsì? Níbo ni kó ti lọ kọ́ṣẹ́? Kò sí klarinẹ́ẹ̀tì A ní sàkání wa, Concerto Mozart tí wọ́n kọ fún un sì ni gbogbo ènìyàn ń béèrè.

Ìlà Márùn-ún fèsì:

Ọ̀kan tó ṣe déédéé tó, gẹ́gẹ́ bíi Vandoren B45, tí orí rẹ̀ ṣí tó nǹkan bí milimítà 1.2. Ríìdì 2½ ni kó fi bẹ̀rẹ̀, kó gòkè sí 3. Vandoren 5JB tí wọ́n ń ta fún jáàsì ṣí ju bẹ́ẹ̀ lọ dáadáa, ríìdì rírọ̀ ló sì ń fẹ́. Bí ó bá ń pààrọ̀ rẹ̀ lójoojúmọ́, ohùn rẹ̀ á máa ṣípò. Kó dé ibi tí iṣẹ́ jáàsì ti ń mówó wọlé kó tó ronú kan èkejì.

Fún ẹ̀kọ́, MUSON, ilé-ẹ̀kọ́ orin ní Oníkan l'Ékòó, ń kọ́ni dé díplómà, Ẹ̀ka Ẹ̀kọ́ Orin ti OAU ní Ilé-Ifẹ̀ sì súnmọ́ yín. Ẹ lọ béèrè orin tí wọ́n fẹ́ gbọ́ lẹ́nu ẹni tó fẹ́ wọlé kí ọjọ́ tó pé. Báǹdì ológun àti ti ọlọ́pàá náà ń gba onífèrè tó lè kàwé orin lójúkojú. Ní ti òwò, ìgbéyàwó àti ìsìnkú ń san ju iṣẹ́ klásíkà lọ níhìn-ín. Kó má kórìíra wọn, àmọ́ kó máa tọ́jú ètè rẹ̀: tí ètè bá ti ń jẹ ẹ́, kó dáwọ́ dúró.

Orin tí kò fẹ́ klarinẹ́ẹ̀tì A pọ̀: Concertino Weber, Op. 26, àti sónátà méjèèjì Brahms, Op. 120. Ní ti Concerto Mozart, K. 622, ọgbọ́n kan wà fún ìgbáradì. Kíì A ni orin yẹn, C ni ìwé onífèrè. Kí ọmọ náà fọn ìwé rẹ̀ bó ṣe wà lórí B♭ tó ní, kí alákíbọ́ọ̀dù ka ìwé tirẹ̀ bó ṣe wà, kó tẹ transpose (bọ́tìnì tó ń yí kíì padà) sí +1. A á di B♭, wọ́n á pàdé. Kó rí i pé ó dá a padà sí òdo kí ìsìn tó bẹ̀rẹ̀.