Ìjọba Róòmù: 476 ni kí n gbà ni, àbí 1453?

Ẹ ǹlẹ́ o, ẹ̀yin ará. Èmi ni mo ń kọ ìbéèrè ìdíje fún àwọn ọ̀dọ́ ìjọ wa, ọ̀kan sì ti há mi lọ́fun: ọdún wo ni ìjọba Róòmù parí? Ọ̀pọ̀ ìwé ní 476, nígbà tí Odoacer, olórí ogun kan, rọ Romulus Augustulus, olú ọba Róòmù ti ìwọ̀-oòrùn, lóyè. Ṣùgbọ́n ti ìlà-oòrùn ṣì wà lórí ìtẹ́, ará Róòmù ni wọ́n sì ń pe ara wọn, títí Mehmed Kejì, ọba àwọn Ottoman, fi gba Constantinople, olú-ìlú wọn, ní 1453. Mo fi “ti ìwọ̀-oòrùn” kún un, ó wá rọrùn jù. Bí mo bá gba méjèèjì ńkọ́? Àwọn ọmọ yìí mọ ẹjọ́ rò o! Báwo ni ẹ̀yin ìbá ṣe kọ ọ́ tí ìdáhùn kan ṣoṣo á fi wà? Ẹ má bínú pé ó gùn. Mo dúpẹ́ ṣáájú.