Èsì: Orúkọ wo ni ká fún ohun tí wọ́n ṣe ní Ìránì lọ́dún 1941?

Ẹ̀yin ará, mo kí yín o.

Ìbéèrè arábìnrin wa tó ń túmọ̀ ìwé ìtàn fún àwọn ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ girama ti fa ọ̀rọ̀ gan-an. Fún àwọn tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bọ̀: ó ní òun dé orí tó sọ bí Ìṣọ̀kan Sófíẹ̀tì àti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ṣe kógun wọ Ìránì nígbà Ogun Àgbáyé Kejì, tí wọn ò sì kúrò níbẹ̀ títí ogun fi parí. Ọ̀rọ̀ méjì ló ń wá, ọ̀kan fún wíwọlé àwọn ọmọ ogun náà, èkejì fún ohun tí wọ́n ń ṣe níbẹ̀ lẹ́yìn tí wọ́n ti wọlé tán. Láti ìgbà náà, a ti dá "ìgbàlú", "ìmúnisìn ológun", "ìjọba ológun àjèjì", "ìfajẹ́lẹ̀jọba" àti "ìdógòtì" fún un. Kò sí èyí tó tẹ́ mi lọ́rùn nínú wọn, ṣùgbọ́n méjì ìkẹyìn mú kí n ronú.

Ọ̀rọ̀ ti àkọ́kọ́ kò le. "Ìkógunwọ̀lú" ni mo fara mọ́. Èèyàn lè kọ lu ìlú láti òkèèrè kó sì padà sílé rẹ̀, nítorí náà "ìkọlù" kò tó. Ní ti "ìgbógunti", àwọn oníròyìn ti sọ ọ́ di ti ìwà àjẹbánu àti àrùn ibà. Bí ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ bá kà á, àjọ EFCC ni yóò kọ́kọ́ rántí. Ẹ jẹ́ ká fi ìyẹn sílẹ̀ síbẹ̀.

Èkejì ni iṣẹ́ wà. Kí a tó dárúkọ rẹ̀, ó yẹ ká wo bí ó ṣe rí, nítorí púpọ̀ nínú àwọn èsì tí mo kà ń sọ̀rọ̀ bíi pé gbogbo ogun rí bákan náà.

Ní ìdájí ọjọ́ 25 oṣù Kẹjọ 1941, àwọn aṣojú Gẹ̀ẹ́sì àti Sófíẹ̀tì ní Tehran lọ bá olórí ìjọba, Ali Mansur, nílé rẹ̀, wọ́n sì fi ìwé lé e lọ́wọ́. Àwọn ọmọ ogun kò dúró de èsì. Ti Sófíẹ̀tì gba àríwá wọlé, ti Gẹ̀ẹ́sì gba Ìráàkì àti ojú omi gúúsù wọlé, ọmọ Íńdíà ló sì pọ̀ nínú wọn. Ìránì kò sí nínú ogun náà rárá. Ó ti kéde pé òun kò gbè sẹ́yìn ẹnikẹ́ni. Ẹ̀sùn tí wọ́n kà sí i lọ́rùn ni pé àwọn ará Jámánì ti pọ̀ jù níbẹ̀. Ohun tí gbogbo èèyàn mọ̀ ni pé Hitler ti ṣígun bá Sófíẹ̀tì ní oṣù Kẹfà, Gẹ̀ẹ́sì àti Sófíẹ̀tì sì ń wá ọ̀nà tí wọn yóò máa gbà kó ohun ìjà lọ fún Stalin, olórí Sófíẹ̀tì. Epo Abadan, ìlú Ìránì tí iléeṣẹ́ Gẹ̀ẹ́sì ti ń fọ epo, náà sì wà níbẹ̀, tí Gẹ̀ẹ́sì kò lè fi ṣeré. Ọ̀gá ọmọ ogun ojú omi Ìránì, Bayandor, kú sójú ìjà ní Khorramshahr lọ́jọ́ àkọ́kọ́. Nígbà tó di ọjọ́ 28, Tehran ní kí àwọn ọmọ ogun òun dáwọ́ ìjà dúró. Ní ọjọ́ 16 oṣù Kẹsàn-án, Reza Shah gbé adé sílẹ̀ fún ọmọ rẹ̀, Mohammad Reza. Gẹ̀ẹ́sì gbé bàbá lọ sí Mauritius, wọ́n tún gbé e lọ sí Johannesburg, ibẹ̀ ló sì kú sí ní 1944.

Lẹ́yìn gbogbo èyí, ọba kan ṣì wà lórí ìtẹ́. Majlis, ìyẹn ilé aṣòfin wọn, ń jókòó. Olórí ìjọba ń buwọ́ lùwé. Ṣùgbọ́n ta ló ń lo rélùwéè? Rélùwéè yìí ń dùn mí tí mo bá rántí rẹ̀. Láti Òkun Kásípíà dé etí omi Páṣíà ni, ó tó kìlómítà 1,394, ọdún 1938 ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ parí rẹ̀. Owó orí tí ará ìlú ń san lórí ṣúgà àti tíì ni Reza Shah fi kọ́ ọ, kò yáwó lọ́wọ́ òkèèrè, kí àjèjì má baà lè sọ pé òun ló ni ín. Ọdún mẹ́ta péré lẹ́yìn náà, àwọn tó ń sá fún gan-an ló wá ń fi kó ẹrù ogun kọjá. Àwọn ará Amẹ́ríkà náà dé lẹ́yìn náà láti bá wọn kó o. Wọ́n wá sọ Ìránì ní "Afárá Ìṣẹ́gun", orúkọ tó dùn létí ẹni tó ń gun afárá kọjá. Ní oṣù Kejìlá 1942, búrẹ́dì wọ́n ní Tehran débi pé àwọn èèyàn ya sí ìgboro, wọ́n sì sun ilé Qavam tó jẹ́ olórí ìjọba nígbà náà.

Ibi tí ọ̀rọ̀ ti kàn wá gbọ̀ngbọ̀n nìyí. Ní ọjọ́ 29 oṣù Kìn-ín-ní 1942, Ìránì, Sófíẹ̀tì àti Gẹ̀ẹ́sì fọwọ́ sí àdéhùn kan. Ìpín kẹrin rẹ̀ gba àwọn méjèèjì láyè láti fi ọmọ ogun sí ilẹ̀ Ìránì, ó sì sọ ọ́ kedere pé wíwà wọn níbẹ̀ kì í ṣe... ohun tí à ń wá orúkọ fún yìí gan-an! Ìpín karùn-ún ní wọn yóò kúrò kó tó pé oṣù mẹ́fà lẹ́yìn tí ogun bá parí. Ẹ̀gbọ́n tó sọ níjẹta pé ọ̀rọ̀ lásán ni à ń jà lé lórí, ẹ dákun ẹ wo ìpín kẹrin yẹn. Àwọn tó ni ìbọn jókòó, wọ́n ronú lórí ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo, wọ́n sì kọ ọ́ sínú ìwé pé kò bá àwọn mu. Ta ni yóò ṣe bẹ́ẹ̀ nítorí ọ̀rọ̀ lásán?

Ìlànà tí mo fi ń wọn orúkọ wọ̀nyí ni pé kí á fi ọ̀kọ̀ọ̀kan sínú ìpín kẹrin ká gbọ́ bí yóò ṣe dún.

Ẹ fi "ìgbàlú" síbẹ̀: "wíwà àwọn ọmọ ogun yìí kì í ṣe ìgbàlú". Òótọ́ ni! Wọn kò gba ìlú náà, wọn kò fi kún ilẹ̀ wọn, wọn kò yọ àsíá rẹ̀. Bí a bá lo ọ̀rọ̀ yẹn, a ti bá agbẹjọ́rò London gba ẹjọ́ rẹ̀ rò. "Ìmúnisìn" náà bẹ́ẹ̀, pẹ̀lúpẹ̀lù pé ìwé kan náà ti lò ó fún ohun tí òyìnbó ṣe fún àwa àti àwọn ará Íńdíà, ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ kò ní mọ ìyàtọ̀. Ní ti "ìjọba ológun àjèjì", ẹ jọ̀ọ́, ní Nàìjíríà tiwa, a mọ ẹni tó ń jẹ́ ìjọba ológun, ọmọ ilẹ̀ wa ni wọ́n, rédíò la sì ti ń gbọ́ wọn láàárọ̀. Kí a so "àjèjì" mọ́ ọn kò yí i padà. Yàtọ̀ sí èyí, ológun kọ́ ló ń ṣe ìjọba ní Tehran.

Ẹ̀gbọ́n tó mú "ìfajẹ́lẹ̀jọba" wá mọ ìtàn, mo sì kí wọn. Nígbà tí Ìbàdàn ń jẹ gàba lórí Èkìtì àti Ìjẹ̀ṣà, ọba ìlú wà láàfin rẹ̀, ajẹ́lẹ̀ wà ní tòsí, ó ń gba ìṣákọ́lẹ̀, ó ń ṣe bó ṣe wù ú, títí Fábùnmi ti Òkè-Ìmẹ̀sí fi pa ajẹ́lẹ̀ tí ogun Kírìjì sì bẹ́ sílẹ̀. Ọba tó wà tí kò sì lágbára: ó jọ Ìránì lóòótọ́. Ṣùgbọ́n ìdí tí a fi ń fi ajẹ́lẹ̀ sílùú ni pé kí ogun lè padà sílé. Ẹnì kan pẹ̀lú àwọn ẹmẹ̀wà rẹ̀ ló ń dúró. Ní Ìránì, ogun fúnra rẹ̀ ló dúró.

"Ìdógòtì" ló gún mi lọ́kàn jù lọ. Àwọn ọ̀dọ́ inú wa tó mọ "fi nǹkan dógò" nìkan, ẹ má bínú, ìtumọ̀ àtijọ́ kan tún wà níbẹ̀. Bí ẹnì kan bá jẹ gbèsè tí kò san, olówó á rán ológò sí i. Ológò á wọlé, á jókòó, á máa pariwo, á máa bú onílé, adìyẹ tó bá rí á pa á jẹ, kò sì sẹ́ni tó lè lé e, títí wọn yóò fi wá owó san. Kò sọ pé òun ló nilé. Onílé ṣì ń jẹ́ onílé. Gbogbo rẹ̀ ló bá Ìránì mu, kódà búrẹ́dì tó wọ́n ní 1942. Bí kì í bá ṣe ohun kan ni, ǹ bá ti ní kí a mú un. Ohun náà ni pé ológò kì í lọ sílé ẹni tí kò jẹ gbèsè. Bí a bá pè é ní ìdógòtì, a ti sọ fún ọmọ tó ń kà á pé Ìránì jẹ wọ́n ní nǹkan kan. Kí ló jẹ wọ́n? Àwọn ará Jámánì tó wà níbẹ̀ ni àwáwí, ọ̀nà àti epo ni ìdí.

Ohun tí mo fẹ́ kí a gbà nìyí: kí orúkọ náà sọ ohun tí ọmọ ogun ń ṣe lórí ilẹ̀ onílẹ̀, kó má sọ ìdí tí wọ́n ní àwọn fi wá, kó má sì sọ ìwé tí wọ́n mú lọ́wọ́. "Ìfogunjẹgàba" ni tèmi. Wọ́n fi ogun jẹ gàba lé ìlú lórí. Ọba lè wà, kó má sì wà; wọ́n lè gba ilẹ̀ náà níkẹyìn, wọ́n sì lè kúrò. Bí ẹnikẹ́ni bá ní ó ti gùn jù, "ìfipágbàjọba" kò kúrú jù ú lọ, bẹ́ẹ̀ ni gbogbo rédíò ń pè é láìkọsẹ̀. Ẹ wá fi sínú ìpín kẹrin: "wíwà àwọn ọmọ ogun yìí kì í ṣe ìfogunjẹgàba". Ẹni tó bá kà á yóò dúró, yóò béèrè pé, ṣé òótọ́ ni? Ìbéèrè tó yẹ kí olùkọ́ gbọ́ ní kíláàsì nìyẹn.

Arákùnrin kan ti kọ̀wé sí mi níkọ̀kọ̀ pé nígbà tí Ìránì ti fọwọ́ sí àdéhùn, ó ti di àlejò tí a gbà sílé. Mo dá a lóhùn pé kó lọ wo oṣù Kẹta 1946. Ọjọ́ kejì oṣù náà ni àsìkò àdéhùn pé. Gẹ̀ẹ́sì àti Amẹ́ríkà ti kó ti wọn kúrò. Sófíẹ̀tì kò kúrò ní àríwá, níbi tí ìjọba kan tí wọ́n ń tì lẹ́yìn ti wà ní Tabriz láti ìparí 1945. Ìránì ti kọ́kọ́ gbé ẹjọ́ wọn lọ sí Ìgbìmọ̀ Ààbò Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé ní oṣù Kìn-ín-ní, nígbà tí ìgbìmọ̀ náà ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Oṣù Karùn-ún ni wọ́n tó kúrò. Bí ó bá jẹ́ pé ìwé ló ń sọ ẹni di àlejò, a jẹ́ pé ọmọ ogun kan náà, nínú bárékè kan náà ní Tabriz, sùn ní àlejò lálẹ́ ọjọ́ kejì, ó sì jí ní ọ̀tá lọ́jọ́ kẹta, láì yí bàtà padà. Fún ẹni tó ń ta búrẹ́dì ní ìgboro Tabriz, kí ló yàtọ̀ láàárín òru kan?

Ọ̀rọ̀ kékeré kan nípa "àwọn alágbára aládùúgbò" tó wà nínú ìwé náà. Mi ò fẹ́ "aládùúgbò" níbẹ̀. Ẹni tí a lè yá iyọ̀ lọ́wọ́ rẹ̀ ni aládùúgbò. "Àwọn alágbára tó bá a pààlà" ni kí ẹ kọ. Àwọn tó ń béèrè ibi tí Gẹ̀ẹ́sì ti bá Ìránì pààlà: Íńdíà ìgbà náà, tó wà lábẹ́ Gẹ̀ẹ́sì, bá a pààlà ní gúúsù ìlà-oòrùn. Kódà ní 1907, Rọ́ṣíà àti Gẹ̀ẹ́sì ti jókòó pín Ìránì lórí ìwé, àríwá fún ọ̀kan, gúúsù ìlà-oòrùn fún èkejì.

Ó ku ti Pólándì, tí arábìnrin wa ní ó wà ní orí tó ṣáájú. Jámánì wọ ibẹ̀ ní ọjọ́ kìn-ín-ní oṣù Kẹsàn-án 1939, Sófíẹ̀tì gba ẹ̀yìn wọlé ní ọjọ́ 17. "Ìkógunwọ̀lú" àti "ìfogunjẹgàba" bá a mu láìní wàhálà. Ṣùgbọ́n ohun kẹta wà níbẹ̀ tí kò sí ní Ìránì: Hitler fi agbègbè Poznań àti àwọn mìíràn kún Jámánì gan-an, ó fi Hans Frank ṣe alákòóso ìyókù láti Kraków, Sófíẹ̀tì fi ti ìlà-oòrùn kún ilẹ̀ tirẹ̀ lóṣù Kọkànlá, ó sì kó ọ̀pọ̀ èèyàn lọ sí Siberia. (Nínú àwọn tó kó yẹn, ó lé ní 100,000 tó padà jáde ní 1942 pẹ̀lú àwọn ọmọ ogun Pólándì, ilẹ̀ Ìránì ni wọ́n sì gúnlẹ̀ sí, ní Bandar Pahlavi, tí àwọn ọmọ ogun Sófíẹ̀tì kan náà wà. Ó yẹ kí olùtumọ̀ wá ibi tí yóò fi èyí sí nínú ìwé náà.)

Fún ohun kẹta yìí, "ìgbàlú" kò burú, a lè fà á padà síbẹ̀, ṣùgbọ́n kò sọ pé wọ́n fi ilẹ̀ náà kún tiwọn. Mo gbìyànjú "ìgbàlẹ̀fikún", kò dùn létí mi. Ẹ̀yin ará Kétu àti Sábẹ̀ẹ́, tí ààlà àwọn mìíràn ti gba àárín ilẹ̀ yín kọjá, kí lẹ̀ ń pè é nílé?