Olúchi: ṣé èmi ni mo dá orúkọ yìí sílẹ̀ lóòótọ́?

Ọmọ_Òṣogbo

Ẹ kú ilé o. Ìyàwó mi bímọ obìnrin lálẹ́ ọjọ́ Ìṣẹ́gun, tìyá tọmọ wà ní àlàáfíà, a dúpẹ́. Ọjọ́ Ìṣẹ́gun tó ń bọ̀ la ó sọ ọmọ lórúkọ. Ọ̀rọ̀ orúkọ yẹn ló gbé mi débí.

Ọmọ Òṣogbo ni mí, ọmọ Ọ̀ka ní ìpínlẹ̀ Anambra ni ìyàwó mi, Èkó la ń gbé. Nílé tiwa, Olú ló ṣíwájú orúkọ gbogbo wa: Olúṣọlá lèmi, àwọn tó tẹ̀ lé mi ni Olúfúnkẹ́ àti Olúdáre. Nílé tiwọn, Chi ni. Chioma ni ìyàwó mi, Chinedu lẹ̀gbọ́n rẹ̀, Chidera ni àbíkẹ́yìn wọn. Ní nǹkan bí aago méjì òru ọjọ́ kejì tí a délé, mo gbé ọmọ sáyà. Kò gbà kí n jókòó, àfi kí n máa rìn yípo pálọ̀. Ibẹ̀ ló ti sọ sí mi lọ́kàn: Olú ti ilé wa, Chi ti ilé wọn. Olúchi! Inú mi dùn bí ẹni tó jẹ tẹ́tẹ́.

Nígbà tí ìyàwó mi jí, mo sọ fún un. Ó wò mí títí, omijé lé ròrò sí i lójú, ó ní, "Ìwọ lo ro èyí fúnra ẹ?" Mo ní èmi náà ni. Ó pe ìyá rẹ̀ lórí fóònù, ìyẹn bú sórin.

Ọ̀dọ̀ ìyá tèmi ni wàhálà wà. Ẹnu wọn ò gba "chi". Ohun tó ń jáde ni "Olúṣì". Ẹ̀yin náà ẹ pè é síta kí ẹ gbọ́ ọ. Olú ṣì! Olúwa ṣe àṣìṣe! Lánàá wọ́n pè, wọ́n ní, "Olúṣì mi ńkọ́, ṣé ó ti mu ọmú?" Ara mi bù máṣọ. Àbúrò bàbá mi wá gba fóònù lọ́wọ́ wọn, wọ́n ní kò sí irú orúkọ bẹ́ẹ̀ nílẹ̀ káàárọ̀-oò-jíire, pé kí n rántí pé orúkọ a máa ro ọmọ.

Ẹ gbà mí. Kí ni Olúchi túmọ̀ sí gan-an? Ṣé èèyàn lè gé orí orúkọ ilé kan kó lọ so ó mọ́ orí orúkọ ilé kejì? Ẹ má bínú pé ọ̀rọ̀ mi gùn, mi ò tíì sùn dáadáa láti ọjọ́ Ìṣẹ́gun.

Tíṣà_Àgbà

Ẹ kú ewu ọmọ o, Olúṣọlá. Ọlọ́run á wò ó, á dá a sí. Ọdún 31 ni mo fi kọ́ àwọn ọmọ sẹ́kọ́ńdírì ní Yorùbá, nítorí náà ẹ jẹ́ kí n ṣe tíṣà díẹ̀.

Ká so orúkọ pọ̀ kì í ṣe nǹkan àjèjì sí wa. Mú Fọláṣadé: fi ọlá ṣe adé. Ọ̀rọ̀ mẹ́rin ló wà níbẹ̀. "I" inú fi sá fún ọlá, "e" inú ṣe sá fún adé, ó di ọ̀kan, o ò mọ ibi tí wọ́n ti rán an mọ́. Bọ́láńlé náà ńkọ́? Bá ọlá ní ilé. Ṣùgbọ́n wo ohun tó so wọ́n pọ̀: gbólóhùn ni. Ẹnì kan ń ṣe nǹkan níbẹ̀. Olú ṣe ọlá, ìwọ nìyẹn. Olú dá mi láre, àbúrò rẹ nìyẹn. Ní ti Olúchi, o mú Olúwa, o mú Ọlọ́run àwọn àna rẹ, o gbé wọn jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn. Wọ́n wá ṣe kí ni? Fún ta? Orí méjì ni, kò sí ara. Ọmọ gan-an ò sí nínú orúkọ ara ẹ̀.

Bí a bá sì ní ká kà á bíi olú-ìlú, olú-iṣẹ́, olú-ọmọ, á jẹ́ olórí Chi. Mi ò rò pé o fẹ́ fi ọmọ ọjọ́ mẹ́rin jẹ olórí lé Ọlọ́run àwọn àna rẹ lórí.

Ní ti màmá, má bínú sí wọn. Kò sí "ch" nínú lẹ́tà tiwa. Ilé ìjọsìn tí òyìnbó gbé wá, a pè é ní ṣọ́ọ̀ṣì. Èmi náà, tíṣà ni wọ́n pè mí títí mo fi fẹ̀yìn tì, "ch" ló sì wà nínú méjèèjì lẹ́nu ẹni tó ni ín. Ohùn nìkan ni kí o bá wọn tún ṣe. Kí wọ́n gbé e sókè: Olúṣí. Olúwa ṣí i. Ilẹ̀kùn ni o, ọ̀nà ni o, èyí tó bá wù wọ́n ni kí wọ́n fi kún un.

Kí n tó gbàgbé, bi àbúrò bàbá rẹ bóyá Olú lẹ̀ ń jẹ́ láti ìbẹ̀rẹ̀. Òṣogbo kẹ̀! Ilé tó pọ̀ ló jẹ́ pé Ọ̀ṣun, Ògún tàbí Ifá ló wà níwájú orúkọ wọn kí wọ́n tó ṣèrìbọmi. Ògúnbíyìí sùn, ó jí, ó di Olúbíyìí. Ẹni tí orúkọ tiẹ̀ náà ti pààrọ̀ orí rí kò gbọdọ̀ le jù.

Ọmọ_Òkè_Ògùn

Ẹ gbé ìyá Òṣogbo wá bá wa ní Ṣakí jàre. "Chakí" là ń pe ìlú wa, "ichẹ́" là ń pe iṣẹ́, gbogbo ẹ̀yin tó kù sì ń fi wá ṣẹ̀fẹ̀ láti ọjọ́ yìí wá. Àwọn ará wa ní Ṣábẹ̀ẹ́ ní ilẹ̀ Benin, Tchabè ni wọ́n ń kọ tiwọn. "Ch" ti rí ìlò lónìí!

Ada_Mọ́kọ́lá

Ẹ fara balẹ̀ ná, ẹ̀yin Yorùbá. Ìgbò ni mí, Mọ́kọ́lá ní Ìbàdàn ni wọ́n ti tọ́ mi, àmàlà ló gbé ẹ̀rẹ̀kẹ́ mi jáde báyìí.

Bọ̀dá Olúṣọlá, ẹ ò dá orúkọ kankan sílẹ̀. Oluchi ti wà kí wọ́n tó bí ẹ̀yin àti èmi. Orúkọ Ìgbò pọ́ńbélé ni. Mẹ́ta ló ń jẹ́ ẹ nínú àwọn ọ̀rẹ́ mi. Oluchi Onweagba tó gba adé Face of Africa ní 1998, ibo lẹ rò pé ó ti rí tiẹ̀?

Olú tiyín kọ́ ló wà níwájú ẹ̀. Ọlụ ni. Ẹ gbọ́ ọ dáadáa: "ọ" bíi ti ọmọ, kì í ṣe "o" bíi ti owó. Iṣẹ́ ló túmọ̀ sí. Ìgbò tó pọ̀ ń pè é ní ọrụ, àwọn ará Anambra ló ń fi "l" sí i. Ọlụ Chi: iṣẹ́ ọwọ́ Ọlọ́run. A kì í sábà fi àmì sí orúkọ tá a bá ń kọ ọ́, ìyẹn ló jẹ́ kó fojú jọ tiyín. Tíṣà, ẹ wò ó, orí kan àti ara kan ló ní.

Chi náà, Ọlọ́run là ń sọ fún àjèjì, kò burú. Chukwu tẹ́ ẹ máa ń gbọ́, chi ukwu ni, chi ńlá. Ṣùgbọ́n olúkúlùkù ló ní chi tiẹ̀ tó bá a wá sáyé. Nínú Yorùbá, orí ló sún mọ́ ọn jù, tàbí ẹlẹ́dàá. Tí nǹkan bá ká ìyá mi lára, chi wọn ni wọ́n ń ké pè, gẹ́lẹ́ bí ìyá ilé kejì wa ṣe ń di orí rẹ̀ mú.

Tó bá jẹ́ orúkọ tí etí méjèèjì máa gbà lẹ ń wá, Ọlaedo náà wà. Ọla ni ohun ọ̀ṣọ́, edo ni àwọ̀ ìyeyè; wúrà ni wọ́n jọ ń jẹ́. Ẹ̀yin á gbọ́ ọlá nínú ẹ̀. Àbúrò mi ló ń jẹ́ ẹ, ìyá kan ní àdúgbò wa kò yé bi í pé ṣé ará Ìbíní ni bàbá ẹ̀, tó fi jẹ́ Ọlá Ẹ̀dó.

Ọ̀rọ̀ tó kàn mí jù nìyí o. Ẹ padà lọ ka ohun tí ẹ kọ. Ìyàwó yín sunkún, ó bi yín pé ṣé ẹ̀yin lẹ ro ó fúnra yín. Bọ̀dá, kò mọ̀ pé ẹ so nǹkan kan pọ̀. Ó rò pé ẹ lọ wá orúkọ ilé òun, ẹ fi sọ àkọ́bí yín, láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni bẹ̀ yín. Ẹ yáa pa ẹnu yín mọ́.

Ọmọ_Òṣogbo

Háà!

Inú BRT ni mo ti ka èyí, mo kọjá ibùdókọ̀ mi. Mo gbọ́ orúkọ arẹwà yẹn ní kékeré, gbogbo wa nílé rò pé ọmọ Ìjẹ̀bú ni.

Tíṣà_Àgbà

Mo jẹ̀bi, mo túúbá. Ọjọ́ orí kì í dí ẹ̀kọ́ lọ́wọ́. Ada, o ṣeun púpọ̀.

Olúṣọlá, iṣẹ́ Ọlọ́run ni wọ́n ní in? A ní in. Iṣẹ́olúwa. Wákàtí kan ni mo fi jókòó tí mò ń wá ara fún orí méjì, orúkọ náà wà nílẹ̀ pátápátá, èdè ló kàn yàtọ̀. Kí màmá mú owó wọn dání ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun. Ẹni tó bá sọ owó sínú omi ló lẹ́tọ̀ọ́ láti pe orúkọ tiẹ̀. Kí wọ́n pe Iṣẹ́olúwa, kí ìyá ìyàwó pe Oluchi. Kò sẹ́ni tó máa mọ̀ pé ohun kan náà ni wọ́n sọ, àfi ẹni tó bá gbọ́ méjèèjì.

Àǹtí_Ẹlẹ́kọ

Gbogbo yín gbàgbé oríkì! Ọmọ obìnrin, kò sí oríkì? Ẹ ní àdàpọ̀ lẹ fẹ́, ibẹ̀ gan-an ni kí ẹ ti wá a. Àdùnní ni ìyá ọkọ mi, Àbẹ̀kẹ́ ni ìyá tèmi. Ìgbà tí mo bí ọmọbìnrin, olúkúlùkù ní tòun lòun fẹ́. Mo gé méjèèjì láàárín, mo pààrọ̀ ìrù wọn: Àdùnkẹ́, Àbẹ̀ní. Oríkì gidi ni méjèèjì! Àwọn tó ṣẹ̀dá oríkì ti rọ ọ́ sílẹ̀ fún irú ìjà yìí. Mo sọ èyí àkọ́kọ́ ní Àdùnkẹ́, ìkejì dé, ó jẹ́ Àbẹ̀ní, ilé tòrò.

Ẹ jẹ́ kí n tún sọ èyí: láyé ijọ́un, ọjọ́ keje ni wọ́n ń sọ obìnrin lórúkọ, ọjọ́ kẹsàn-án ni ti ọkùnrin, ọjọ́ kẹjọ ni ti ìbejì. Ó ti di kẹjọ fún gbogbo wọn báyìí. Mi ò mọ ìgbà tí a pàdé yí i padà.

Ọmọ_Òṣogbo

Mo ní kí n wá jábọ̀. A ti sọ ọmọ lórúkọ.

Ọjà Mushin ni mo ti ra obì, mo ra gbànja torí ó tóbi, ó sì mọ́. Bàbá ìyàwó mi wò ó, wọ́n rọra gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Obì àbàtà ni wọ́n fẹ́. Àbúrò bàbá mi, ẹni tó ti ń bínú láti ọ̀sẹ̀ kan, ló dìde pé àwọn náà ò mọ ẹni tó ń fi gbànja sọmọ lórúkọ, wọ́n fa àbàtà yọ nínú àpò agbádá. Láti ibẹ̀ lọ, àwọn méjèèjì ò kúrò lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn mọ́. Ìgbà tó kan ká gbàdúrà sí obì, bàbá ìyàwó mi ní obì kì í gbọ́ èdè mìíràn ju Ìgbò lọ. Mo wo ojú àbúrò bàbá mi. Wọ́n ní "Àmín" kí wọ́n tó parí.

Abọ́ omi dé ọ̀dọ̀ ìyá mi, wọ́n ju igba náírà sí i, wọ́n pe Iṣẹ́olúwa. Ìyá ìyàwó mi pe Oluchi. Ìyàwó mi ló túmọ̀ ti ìkíní fún ìyá rẹ̀, ó sì túmọ̀ ti ìkejì fún ìyá mi. Ìyá mi ní, "Ẹ̀ẹ́n? Iṣẹ́ ló ń jẹ́ bẹ́ẹ̀? Kí ló dé tí ẹ ò sọ fún mi?" Oríkì rẹ̀ ni Àbẹ̀ní, ẹ ṣeun, Àǹtí.

Tíṣà, mo bi wọ́n. Ọ̀ṣunṣọlá ni bàbá bàbá wa.

Ada, mi ò lè pa ẹnu mi mọ́. Lálẹ́ ọjọ́ yẹn, nígbà tí àwọn àlejò ti lọ, a jọ ń fọ abọ́, mo jẹ́wọ́ pé mi ò mọ̀, pé ńṣe ni mo so Olú mọ́ Chi. Kò sọ nǹkan kan. Ó fi omi ṣan abọ́ méjì, ó gbé wọn kalẹ̀, ó wá bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín débi pé ọmọ jí. Ó ní àṣé mo fẹ́ sọ ọmọ òun ní "Ọlọ́run Ọlọ́run". Títí di àárọ̀ yìí, ohun tó ń pè é nìyẹn tó bá ń sunkún.

Lánàá mo lọ gba ìwé ẹ̀rí ìbí. Kò sí àyè fún àmì lórí fọ́ọ̀mù, mo kọ "Oluchi Iseoluwa" báyẹn. Kí oníkálukú kà á bó ṣe wù ú.

Tíṣà_Àgbà

Ẹ kú oríire. Oluchi, mo gbà. Ṣùgbọ́n jọ̀wọ́, wá báírò, fi ọwọ́ ara rẹ fi àmì sí ìkejì. Láìsí àmì, ẹnì kan lè ka iṣẹ́ ní ìṣẹ́.