Ẹ jọ̀wọ́, aṣojú òṣèré wo ni kí ọmọ mi mú? Ọjọ́ Ẹtì ni wọ́n ń retí ìdáhùn

ÌyáMorẹ́nikẹ́:
Ẹ̀yin ará, ẹ jọ̀wọ́, ẹ dá mi lóhùn kíákíá. Ọmọ mi obìnrin parí ilé-ẹ̀kọ́ eré ṣíṣe ní oṣù Keje, aṣojú méjì ló sì fẹ́ mú un. Ọ̀kan ní ipa amúgbálẹ́gbẹ̀ẹ́ ni òun yóò máa wá fún un: nọ́ọ̀sì, ọlọ́pàá, ọ̀rẹ́ ẹni tí eré dá lé lórí. Èkejì ní olú òṣèré ni òun fẹ́ sọ ọ́ dà, ṣùgbọ́n a óò kọ́kọ́ san owó. Èwo ni kí ó mú, tàbí ta ni ẹ̀yin mọ̀ tí a lè fọkàn tán?

ỌmọÌbàdàn_Manchester:
Ẹ kú àníyàn, mà. Ẹ kò sọ ìlú tí ọmọ ń gbé, ẹ kò sì sọ ohun tí owó náà wà fún. Síbẹ̀, ẹ má fojú kéré ipa amúgbálẹ́gbẹ̀ẹ́. Wunmi Mosaku, tí wọ́n bí ní Zaria ní 1986 tí ó sì dàgbà ní Manchester níbí, jáde ní RADA, ilé-ẹ̀kọ́ eré ṣíṣe ní London, ní 2007. Ó ń ti inú eré kan bọ́ sí òmíràn títí ó fi gba BAFTA, àmì-ẹ̀yẹ ńlá fún eré tẹlifíṣọ̀n nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ti òṣèrébìnrin amúgbálẹ́gbẹ̀ẹ́ ní 2017. Ìyá Damilola Taylor, ọmọ wa tí wọ́n pa ní Peckham ní 2000, ni ó ṣe nínú eré tí ó fi gbà á.

ÀǹtíWoolwich:
Ìyá Morẹ́nikẹ́, ẹ má san kọ́bọ̀! Irú aṣojú bẹ́ẹ̀ gba owó ilé tí mo tọ́jú lọ́wọ́ mi nítorí àbúrò mi. Wọ́n ya fọ́tò rẹ̀ nínú yàrá kan tí wọ́n háyà, wọ́n ní àwọn olùdarí eré yóò máa rí i lórí íntánẹ́ẹ̀tì, wọ́n sì ní kí a máa retí ìpè. Ìpè kankan kò wá. Nígbà tí a padà débẹ̀, ilé-iṣẹ́ mìíràn ni a bá nínú yàrá náà, àbúrò mi kò sì fẹ́ gbọ́ ọ̀rọ̀ eré sétí mọ́ títí di òní. Aṣojú gidi kì í gba owó kí iṣẹ́ tó dé. Ìdá kan nínú owó iṣẹ́ òṣèré ni ó ń jẹ.

Akin_Croydon:
Háà, ó mà ṣe o! Ẹ̀gbọ́n, ṣé ẹ fi ẹjọ́ wọn sùn? Kí ọmọ náà wọ Equity, ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ eré tí ó ti wà láti 1930, kí wọ́n lè bá a wo ìwé àdéhùn kí ó tó tọwọ́ bọ̀ ọ́.

BàbáKẹ́hìndé:
Ẹ jẹ́ kí a ṣe sùúrù. Gbogbo ẹni tí ó bá gba owó kọ́ ni olè. Spotlight, tí àwọn tí ń yan òṣèré ti ń yẹ̀ wò láti 1927, ń gba owó lọ́dọọdún.

ÀǹtíWoolwich:
Bàbá, ẹ má bínú, Spotlight kì í ṣe aṣojú. Àkójọ orúkọ òṣèré ni. Òfin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì pàápàá ní bí aṣojú yóò bá gba owó ìpolówó lọ́wọ́ òṣèré, 30 ọjọ́ gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ kọjá lẹ́yìn àdéhùn, kí òṣèré lè yí ọkàn padà. Ẹ má ṣe ṣí ọ̀nà fún àwọn ẹni ibi wọ̀nyí.

Ṣadé_Wembley:
Ní tèmi, Identity ni kí ó lọ, ilé-ẹ̀kọ́ tí Femi Oguns dá sílẹ̀ ní 2003. Ibẹ̀ ni John Boyega àti Letitia Wright ti kọ́ṣẹ́.

ỌmọÌbàdàn_Manchester:
Ṣadé, ọmọ náà ti parí ẹ̀kọ́ rẹ̀. Aṣojú ni wọ́n ń wá.

Olólùfẹ́Tíátà:
Ohun tí ó ń dùn mí ni irú ipa tí wọ́n ń fún wa. Rakie Ayola, ọmọ Cardiff tí bàbá rẹ̀ jẹ́ ọmọ Nàìjíríà, ṣe nọ́ọ̀sì nínú Holby City, eré tẹlifíṣọ̀n nípa ilé ìwòsàn, láti 2006 sí 2008. Ní 2021, ó gba BAFTA kan náà tí Wunmi gbà, ipa ìyá Anthony Walker, ọmọkùnrin tí àwọn ẹlẹ́yàmẹ̀yà pa nítòsí Liverpool ní 2005, ni ó sì fi gbà á. Ìyá tí wọ́n pa lọ́mọ ni àwọn méjèèjì ṣe! Marianne Jean-Baptiste, ẹni àkọ́kọ́ nínú àwọn òṣèrébìnrin aláwọ̀ dúdú ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tí wọ́n yàn fún Oscar, Amẹ́ríkà ni ó lọ ṣiṣẹ́ sí nígbẹ̀yìn. Kí ọmọ yín bi aṣojú àkọ́kọ́ léèrè bóyá yóò fi orúkọ òun sílẹ̀ fún ipa adájọ́ tàbí ipa oníṣòwò pẹ̀lú.

BàbáKẹ́hìndé:
Mi ò fara mọ́ ọn. Ta ni ìbá ṣe ìyá Damilola bí kì í bá ṣe ẹni tí ó lè pe orúkọ ọmọ náà bí ìyá rẹ̀ ti ń pè é? Iyì ńlá ni irú ipa bẹ́ẹ̀.

Olólùfẹ́Tíátà:
Iyì ni, sà. Ṣùgbọ́n kí ó má jẹ́ òun nìkan.

ÌyáMorẹ́nikẹ́:
Ẹ ṣeun, gbogbo yín. Mo ka ọ̀rọ̀ yín sí i létí. Ó ti kọ̀wé sí aṣojú méjèèjì pé òun kò ṣe. Ẹgbẹ́ eré kan tí ń lọ láti ilé-ìwé dé ilé-ìwé ní Yorkshire ni ó fẹ́ bá ṣiṣẹ́ títí di oṣù Kejì. Ó ní nígbà tí àwọn aṣojú bá ti wá wo òun lórí ìtàgé ni òun yóò tó yan ọ̀kan. Ìyẹn kì í ṣe ohun tí mo fẹ́, ṣùgbọ́n òun ni yóò ṣe iṣẹ́ náà. Ẹ jọ̀wọ́, ta ni ó mọ yàrá tí kò wọ́n ní Leeds? Ọjọ́ Ajé ni yóò gbéra.